Òkété àti Ewé Kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀

Ẹ gbè é fún mi o! Àlọ́ mi balẹ̀ sẹ́nu ihò Òkété tó lẹ́kùrọ́ jù nínú igbó. Kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ gbé ewé tó fi ẹrẹ̀ bò dé. Ẹni tó bá san ẹkùrọ́ kan, tó ha ewé, tó bá àmì lábẹ́ rẹ̀, yóò gba mẹ́wàá.

"Ṣé tẹ́tẹ́ kọ́ nìyẹn?" Òkété bi í.

"Eré ni, ọ̀rẹ́ mi." Ó dá orin:

Ha á wò o — *Eré ni!*
Ó kù díẹ̀ o — *Eré ni!*

Òkété jẹ lẹ́ẹ̀kan, ló bá ń ha á títí àká fi gbẹ.

"Mi ò ní nǹkan mọ́."

"O ṣáà lọ́mọ," ni Kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ wí.

Òkété gbé àbíkẹ́yìn rẹ̀ jáde, ó ha ewé. Kò sí àmì. Kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ gbé ọmọ lọ.

Ìyàwó Òkété kó àwọn ọmọ yòókù jáde. Láti ọjọ́ náà ni Òkété ti ń dá gbé ihò.