Ta Ló Bí Ẹ̀rọ Yìí?

Oníròyìn mẹ́ta ló ni ilé ìròyìn orí íńtánẹ́ẹ̀tì náà. Ọ̀rọ̀ kọ̀ǹpútà àti fóònù ni wọ́n ń kọ.

Kò sí ọ̀gá. Àwọn tó ń kọ ìròyìn náà ló ń gbálẹ̀.

Lónìí, ilé iṣẹ́ kan ń fọ́nnu pé ẹ̀rọ ló ń dá àwọn oníbàárà àwọn lóhùn.

Àǹtí Wádìí, àgbà inú wọn, fi orúkọ ara rẹ̀ wọlé sójú ìwé wọn lórí fóònù láti dán an wò.

Ẹ̀rọ kí i kú iṣẹ́, ó kí i kú ooru, ó béèrè àlàáfíà ará ilé.

"Irọ́ funfun báláú," ni Àǹtí wí. "Ẹ̀rọ tó mọ èèyàn kí tó báyìí, ìyá ló kọ́ ọ."

Ó tẹ̀ ẹ́ ránṣẹ́: "Ṣé kì í rẹ̀ ọ́?"

"Ẹ̀rọ ni mí, mà. Kì í rẹ̀ mí."

"Ebi ńkọ́?"

"Kì í pa mí, mà."

"Ìyá wo ló bí ọ?"

Ẹ̀rọ fèsì pé:

"Ẹni tó bí yín náà ni, ẹ̀gbọ́n mi. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gbaṣẹ́ lọ́wọ́ mi. Oògùn Màámi sì ti tán, ẹ bá wa rà á bọ̀."

"Kí ló wí?" ni èyí tó ń ya àwòrán nínú wọn béèrè.

Àǹtí da fóònù dojú délẹ̀. Ó wo yàrá náà yíká, ó ń wá ọ̀gá tí yóò ní kí wọ́n má gbé ìròyìn náà jáde.