Ọmọ Kan Náà Ni

Ọ̀sán ọjọ́ Àìkú ni wọ́n máa ń pàdé, lẹ́yìn ṣọ́ọ̀bù ọkùnrin kan tó ń tún tẹlifíṣọ̀n ṣe. Àwọn mẹ́ta ló kù nínú ẹgbẹ́ olólùfẹ́ eré tí wọ́n dá sílẹ̀: onítẹlifíṣọ̀n fúnra rẹ̀, onígbàjámọ̀ tó ń bójú tó ojúewé wọn lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, àti obìnrin àgbàlagbà kan tí gbogbo àdúgbò ń pè ní Àǹtí Aránṣọ. Ojúlé Méje ló so wọ́n pọ̀, eré apanilẹ́rìn-ín kan lórí tẹlifíṣọ̀n láyé àtijọ́.

Eré ló bí eré. Tọkọtaya tó ń gbé lókè nínú Ojúlé Méje dùn mọ́ àwọn èèyàn débi pé àwọn tó ń ṣe eré náà yọ wọ́n sọ́tọ̀, wọ́n sì ṣe eré tiwọn fún wọn, Yàrá Òkè. Ibẹ̀ ni tọkọtaya náà ti bí Kékeré. Kékeré hu eyín lójú gbogbo ayé, ó rìn, ó sì wọ ilé ìwé.

Lọ́jọ́ yìí, ẹnìkan ti kọ̀wé sí ojúewé wọn pé ọmọ méjì ni wọ́n fi ṣe Kékeré.

"Ẹ jẹ́ ká yẹ̀ ẹ́ wò," onígbàjámọ̀ wí.

"Kí la fẹ́ yẹ̀ wò?" Àǹtí béèrè. "Ọmọ kan náà ni."

Àwọn méjèèjì wò ó. Àǹtí kì í bá wọn jiyàn. Bí àwọn méjèèjì bá ń jiyàn lórí ẹni tó jókòó sórí àga wo nínú eré, ẹ̀rín ló máa ń rín.

Onítẹlifíṣọ̀n ki kásẹ́ẹ̀tì àkọ́kọ́ tí Kékeré wà nínú rẹ̀ bọ inú ẹ̀rọ. Kékeré yọ, ó dé fìlà òwú, ó ń yán. Àǹtí fa àga rẹ̀ sún mọ́ ọn. Ọmọ náà bú sẹ́kún.

"Ebi kọ́ nìyẹn," Àǹtí sọ jẹ́jẹ́. "Oorun ni. Èjìká òsì ló fẹ́."

Obìnrin inú eré gbé e lé èjìká òsì, ọmọ sì dákẹ́.

"Ẹ ti wo eré yìí yó, Àǹtí," onítẹlifíṣọ̀n wí.

Onígbàjámọ̀ dá àwòrán náà dúró. Àmì dúdú kan wà lẹ́yìn ọrùn ọmọ náà, kò ju ẹyọ ẹ̀wà kan lọ. Wọ́n fi apá tó tẹ̀ lé e sí i. Wọ́n ń wẹ Kékeré nínú báàfù. Ẹ̀yìn ọrùn rẹ̀ mọ́ nigín.

"Àmì máa ń parẹ́ lára ọmọdé," Àǹtí wí.

"Kì í parẹ́ láàárín ọ̀sẹ̀ kan, mà."

"Wọ́n lè ti fi àtíkè bò ó."

"Etí ńkọ́? Ti àkọ́kọ́ lẹ̀ mọ́ orí, tibí yìí ta síta. Èmi tí mò ń gẹrun láàárọ̀ lálẹ́, ẹnikẹ́ni ò lè fi etí tàn mí jẹ."

Àǹtí kò wo etí náà. Ó yọ jígí ojú rẹ̀, ó ń fi etí ìró nù ún.

"Ẹ fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀," ó sọ. "Ta ló ń pa lára? Ẹ jẹ́ kó jẹ́ ọmọ kan náà."

"Ẹ má bínú, Àǹtí," onígbàjámọ̀ wí. "Tá a bá ní ká máa fi ojú àánú wo òótọ́, kí la wá ń yẹ̀ wò?"

"Ohun tí ò yé mi," onítẹlifíṣọ̀n dá sí i, "ni ìdí tí wọ́n fi pààrọ̀ ẹ̀. Àfi tó bá jẹ́ pé ó sú ìyá ẹ̀. Àwọn ìyá kan ò ní sùúrù. Á ti gbé ọmọ ẹ̀, á ti bá tiẹ̀ lọ."

"Ó lè jẹ́ bẹ́ẹ̀," Àǹtí wí.

Onígbàjámọ̀ tẹ èsì wọn sí ojúewé náà lórí fóònù, ó sì kà á sókè: "A ti yẹ̀ ẹ́ wò, ó dájú. Ọmọ tí a kọ́kọ́ rí nínú Yàrá Òkè kọ́ ló dàgbà níbẹ̀." Kò pẹ́ tí àwọn èèyàn fi bẹ̀rẹ̀ sí í dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ Àǹtí.

"Ẹ má jẹ́ kó dùn yín, mà. Kò sẹ́ni tí kì í ṣe àṣìṣe."

Àǹtí mi orí. Ó ní kí wọ́n jọ̀ọ́, kí wọ́n dá kásẹ́ẹ̀tì àkọ́kọ́ padà sí ibi tí ọmọ náà ti ń yán. Ó wò ó tán, ó gbé báàgì rẹ̀, ó kí wọn pé ó dàárọ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé oòrùn ṣì wà lókè.

Òun ni ìyá tó gbé ọmọ àkọ́kọ́ yẹn lọ síbi tí wọ́n ti ń ya eré náà, tó sì sin òkú rẹ̀ kí ọ̀sẹ̀ yẹn tó parí, tó wá ń jókòó níwájú tẹlifíṣọ̀n láti ìgbà náà, tó ń wo bí ọmọ rẹ̀ ṣe ń dàgbà.