Ìjókòó Kúnbi ní Okota

Iṣẹ́ tí Kúnbi ń ṣe ṣòro láti ṣàlàyé fún ìyá rẹ̀. Yóò ṣeré lójú èrò, yóò ya eré náà ní fíìmù, yóò sì tún padà wá ṣeré níwájú fíìmù ọ̀hún. Ìyá rẹ̀ a ní, "Ṣé ẹ̀ẹ̀kan ò tó ni?"

Lọ́tẹ̀ yìí, àwọn tó fẹ́ gbọ́ bùkátà fíìmù rẹ̀ ní kó lọ jókòó sí àgbàlá ilé kan ní Okota. Wọ́n á ti ta kánópì sílẹ̀ dè é. Àwọn adájọ́ á wà láàárín èrò, kò ní dá wọn mọ̀, wọ́n á sì fi oríṣiríṣi ọ̀rọ̀ dán an wò. Bó bá fi lanu kí oòrùn tó wọ̀, iṣẹ́ náà di ti ẹlòmíì.

Nọ́ńbà méjì ló wà lára ògiri ilé náà, ti àtijọ́ àti ti tuntun, bí ti ọ̀pọ̀ ilé àdúgbò. Kúnbi rí èyí tó bá tirẹ̀ mu, kò bèèrè bóyá ti àtijọ́ ni tàbí ti tuntun, ó rí kánópì, ó wọlé. Aṣọ dúdú ló wọ̀, torí dúdú kì í kọ mànà nínú kámẹ́rà. Ó gbé fóònù sójú fèrèsé kó máa ya òun, ó jókòó sórí ẹní, ó panu mọ́.

Àwọn èèyàn tó wà lábẹ́ kánópì náà mọ iṣẹ́ wọn. Obìnrin kan tí wọ́n ń pè ní Ìyá Diamond jáde láti inú ilé, ó wò ó látòkè délẹ̀.

"Ta lo wá wò níbí?"

Kúnbi tẹjú mọ́ fóònù tó wà lójú fèrèsé.

"Àǹtí, ìwọ ni mò ń bá sọ̀rọ̀."

Nígbà tí kò rí èsì, Ìyá Diamond jókòó tì í, omijé sì ń bọ́ lójú rẹ̀ wọ̀ọ̀. Kúnbi kan sáárá sí i nínú ọkàn. Òun alára, àfi kóun fi àlùbọ́sà ra ojú.

"Ó tiẹ̀ kéré sí mi," ni Ìyá Diamond sọ fún obìnrin kan tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. "Ó tún wá pupa."

"Wọ́n kúkú máa ń pupa."

Nígbà tó yá, bàbá arúgbó kan, Alàgbà Ọláyanjú, fa àga súnmọ́ ọn.

"Ìwọ ọmọ yìí," ó ní, "ohun tí gbogbo wa ń rò nípa rẹ, o mọ̀ ọ́n. Bó bá jẹ́ irọ́, sọ̀rọ̀ báyìí, kò sẹ́ni tó máa bá ẹ jà."

Kúnbi wo òkè. Oòrùn ṣì wà lórí páànù ilé kejì. Ó mọ̀ pé pàkúté tó le jù nìyí. Ó gé ètè jẹ, ó sì tẹrí ba.

"Ẹ ò rí i?" ni Ìyá Diamond wí.

Alàgbà Ọláyanjú wá kọjú sí èrò, ó ní ẹbí ti gbà, kí wọ́n ṣí yàrá kejì fún ìyàwó kékeré tí Albert ọkọ Ìyá Diamond fi pamọ́ fún wọn títí wọ́n fi sin ín lánàá, kí wọ́n sì pe àbúrò Albert, Kọ́láolúwa, kó wá wo opó tí yóò ṣú.