Búùlù fún Ẹrù Ìyàwó

Lọ́sàn-án Jímọ̀, Marcel wa bàṣé, ọkọ̀ akẹ́rù kékeré ọ̀gá rẹ̀, wọ gáráàjì Àbíbù ní Ṣábẹ̀ẹ́. Awawou, ọmọ Àbíbù, nìkan ló bá níbẹ̀. Bàbá rẹ̀ àti àwọn ọmọ iṣẹ́ ti lọ sí mọ́sálásí, níbi tí àwọn ọkùnrin ti ń so yìgì.

"Kamaráàdì àbúrò mi, o kú iṣẹ́ o. Èmi ni wọ́n rán wá gbé ẹrù ìyàwó lọ sí Ofè. Ṣùgbọ́n ọkọ̀ mi ò ní búùlù tí màá fi so rẹmọ́ọ̀kì mọ́ ọn."

Rẹmọ́ọ̀kì, ọkọ̀ ẹrù tí wọ́n ń so mọ́ ẹ̀yìn ọkọ̀, ti wà lábẹ́ igi máńgòrò. Àpótí, odó, ẹní àti abọ́ tánńganran ti kún inú rẹ̀. Awawou lóṣòó, ó ki ìka bọ ẹnu irin tó wà níwájú rẹ̀. Lẹ́yìn náà, ó yọ búùlù méjì, irin olórí roboto, ńlá kan àti kékeré kan, nínú agolo.

"Ẹnu yìí, ńlá ló ni ín. Kékeré á wọ̀ ọ́, ìdè á pa dé, ẹ ó rò pé ó ti parí. Ṣùgbọ́n tí ẹ bá fi eré bọ́ sí kòtò, á fò yọ, rẹmọ́ọ̀kì á sì gba igbó lọ."

"Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́! Ọ̀gá mi tó ń gbé ìyàwó yìí ni olórí kómíté Ofè. Á ní ọ̀tá rẹfolusíọ̀n ni mí."

"Ìyẹn nìkan kọ́. Mùsùlùmí ni wá, ṣùgbọ́n àwọn bàbá ńlá wa fi nǹkan kan sílẹ̀ ní agboolé wa. Bí ẹrù ìyàwó bá já sílẹ̀ kó tó dé ilé ọkọ, ìgbéyàwó tú nìyẹn. Ẹrù á padà, ìyàwó á padà. Wọn kì í bẹ̀ ẹ́."

"Olórí kómíté ńkọ́?"

"Òun náà gbọ́ kó tó wá tọrọ. Ó búra pé òun gbà."

Marcel rẹ ohùn sílẹ̀. "Wọ́n ní ìyàwó ò fẹ́ ẹ. Wọ́n ní ẹkún ló ń sun."

"Kò sun ún mọ́."

"Kò lè sá ni?"

"Sá lọ síbo? Bàbá rẹ̀ ni wọ́n á wá mú."

"Ó mà ṣe o. O mọ̀ ọ́n?"

"A jọ dàgbà ni."

"Awawou!" Ìyá rẹ̀ ló pè láti inú ilé. "Omi ti gbóná o! Kí lo ṣì ń ṣe níbẹ̀?"

"Mò ń bọ̀, Ìyá. Ó ku díẹ̀."

Marcel lọ bu omi mu nídìí àmù. Nígbà tó padà dé, búùlù ti wà nídìí bàṣé, Awawou ń fún nọ́ọ̀tì rẹ̀. Àwọn méjèèjì ti rẹmọ́ọ̀kì sún mọ́ ọn. Ẹnu irin náà sọ̀ kalẹ̀ wọ́ọ́rọ́, ìdè pa dé. Marcel gun orí rẹ̀, ó fò sókè sódò. Kò mira.

"Ó wọlé bíi pé o fi òróró sí i."

"Bẹ́ẹ̀ ni."

Awawou dé agolo, ó fi epo ẹsánsì fọ ọwọ́. Láti orí ìka dé ọrùn ọwọ́, dúdú ọwọ́ rẹ̀ kò kúrò.

"Iṣẹ́ mẹkanisíẹ̀n," Marcel ń rẹ́rìn-ín. "Kì í kúrò lára bọ̀rọ̀."

"Kì í kúrò." Ó wọlé lọ.

Àwọn ọkùnrin dé láti mọ́sálásí. Wọ́n ti so yìgì. Àwọn obìnrin fi orin mú ìyàwó jáde, wọ́n fi ìborùn bò ó lójú, wọ́n sì gbé e jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ Marcel. Àwọn ìyá méjì gun ẹ̀yìn bàṣé. Àbíbù kò wo ojú ẹnikẹ́ni. Marcel kí wọn pé ó dàbọ̀, ó rọra wakọ̀ jáde nílùú.

Nígbà tí ilẹ̀ pupa bẹ̀rẹ̀, tí kòtò àkọ́kọ́ yọ níwájú, Marcel gbé ẹsẹ̀ kó tẹ ìjánu ọkọ̀, ni ohùn tó bá a sọ̀rọ̀ ní gáráàjì lọ́sàn-án bá jáde lábẹ́ ìborùn: "Ẹ̀gbọ́n Marcel, ẹ má rọra o, ẹ sáré sí i."