Aṣọ Tó Tà Kẹ́yìn

Baba aláṣọ ń kó àwọn ère tí wọ́n ń wọṣọ fún kúrò ní ṣọ́ọ̀bù kan ṣoṣo tó ṣẹ́ kù. Ilé ìtajà ńlá wo ni kò ní ẹ̀ka sí tẹ́lẹ̀? Èrò a máa ya bò ó bí eṣú. Ṣùgbọ́n aráyé ti ń ra aṣọ lórí fóònù. Eṣinṣin nìkan ló ń wọlé. Ìrònú mú un, ó dúró sójú kan, kò mira.

Obìnrin kan wọlé, ó di kọ́là baba mú. "Aṣọ ara ère yìí ni mo fẹ́ fún ọkọ mi. Ikùn wọn bára mu!"

Ọmọbìnrin baba náà, tó ń bá a tajà, lanu. "Mà, bàbá mi..."

Baba ṣẹ́jú sí i.

"...bàbá mi náà ní irú ẹ̀. Ṣé ẹ máa mú un lọ báyìí?"

"Kíákíá! Ẹ bọ́ ọ, tòun ti ṣòkòtò."

Ère bá húkọ́. "Ẹ jọ̀ọ́ mà, ẹ kọjú sógiri ná."