Ìbò New York

Agogo mẹ́rin ọ̀sán ti lù nígbà tí Ambrose Kimball ní kí wọ́n gbé àga òun súnmọ́ fèrèsé, kí òun lè máa wo ọ̀nà tí Orrin akọ̀wé òun yóò gbà wọlé. Ó ti wọ kóòtù dúdú, ó ti so táì. Ẹ̀ẹ̀mejì ni Lavinia ìyàwó rẹ̀ fá irùngbọ̀n rẹ̀ kí ó tó gbà pé ó dán. Ó ní kò yẹ kí àwọn tó máa wá kí òun kú oríire, tàbí àwọn tó máa wá kí òun kú ìrọ́jú, bá òun nínú aṣọ àwọ̀sùn ní ọjọ́ ìbò.

Ìwé kan wà lórí itan rẹ̀ tó kọ orúkọ àwọn ìpínlẹ̀ sí. Ó ti fa ìlà sábẹ́ Ohio àti Illinois. Ó ti pa Indiana rẹ́.

“New York ló kù,” ó ní. “Ẹni tí New York bá gbè ló ń lọ sí Washington.”

Lavinia jókòó lórí àpótí níwájú rẹ̀, ó ń bó èso ápù sínú abọ́. Oyin kan gba ojú fèrèsé wọlé, ó ń fò yí abọ́ náà ká. Ambrose wò ó títí.

“Oyin, nínú oṣù kọkànlá?”

“Ooru mú lọ́dún yìí,” Lavinia dáhùn, ó sì fi ọwọ́ lé e jáde.

Ambrose bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ọ̀rọ̀ Sprague, ẹni tí wọ́n jọ ń du ipò ààrẹ. Ó ní ọkùnrin tí ajá rẹ̀ kì í gbọ́ tirẹ̀ ló fẹ́ máa pàṣẹ fún orílẹ̀-èdè. Ó rẹ́rìn-ín sí ọ̀rọ̀ ara rẹ̀. Lẹ́yìn náà ó ka gbogbo ibi tí òun ti gbà kọjá: ilé ẹ̀kọ́ oníyàrá kan tí òun ti kọ́ àwọn ọmọ àgbẹ̀ ní ìwé, ilé ẹjọ́, ilé gómìnà. Ó ní ọgbọ̀n ọdún ni òun ti ń lé ipò ààrẹ yìí, ó sì ti wá ku ìpínlẹ̀ kan ṣoṣo.

Ẹ̀rín kúrò lójú rẹ̀ díẹ̀díẹ̀.

“Everett dà?” ó béèrè.

“Kò sí nílé.”

Everett ni ọmọ kan ṣoṣo tí wọ́n bí, ẹni ọdún méjìlélógún. Ambrose ní ọmọ náà wá bá òun ní àárọ̀ ọjọ́ ìsinmi, ó sì wo òun lójú. Ọmọ náà ní ogun ń bọ̀ láti òkè òkun, bàbá òun sì ti ṣèlérí níwájú gbogbo ayé pé òun kò ní sá fún un. Ó ní ọjọ́ tí bàbá òun bá di ààrẹ ni òun máa wọ iṣẹ́ ológun, kí ẹnikẹ́ni má baà sọ pé Kimball ń rán ọmọ ọlọ́mọ lọ kú, ó ń fi tirẹ̀ pamọ́.

Ọ̀bẹ yọ̀ lọ́wọ́ Lavinia, ó gé e níka. Ó fi aṣọ iṣẹ́ rẹ̀ di ẹ̀jẹ̀ náà mú.

“Sún mọ́ mi,” Ambrose ní. Ohùn rẹ̀ ti lọ sílẹ̀. “Má sọ fún Orrin o. Láti àárọ̀ ni mo ti ń gbàdúrà kí New York kọ̀ mí.”

Ogójì ọdún ni Lavinia ti fẹ́ ọkùnrin yìí. Kò gbọ́ irú ọ̀rọ̀ yìí lẹ́nu rẹ̀ rí.

Kété náà ni Orrin dé. Ọ̀pá ló fi ń gun àtẹ̀gùn, ìwé tẹligíráàmù wà lọ́wọ́ rẹ̀ kejì. Lavinia yára lọ pàdé rẹ̀ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó sì gba ìwé náà.

“Ẹ jẹ́ kí n kà á fún ọ̀gá,” Orrin ní.

“Èmi ni mo máa kà á lónìí.”

Nígbà tí ó wọlé, Ambrose ti dìde, ó di apá àga mú. Ìka ọwọ́ rẹ̀ ti funfun. Lavinia ṣí ìwé náà, ó gbé e sókè kí ojú ọkọ rẹ̀ má baà tó o.

“Bàbá Everett, Sprague ló gba New York. Ìbò ẹgbẹ̀rún kan àti igba ló fi jù yín lọ.”

Orrin la ẹnu lẹ́nu ọ̀nà. Lavinia wò ó. Orrin pa ẹnu rẹ̀ dé.

Ambrose jókòó wọ̀ọ̀. Ó bo ojú, èjìká rẹ̀ sì ń mì. Nígbà tí ó gbé ojú sókè, omijé wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n ara rẹ̀ ti balẹ̀ bíi ti ẹni tí wọ́n gbé ẹrù kúrò lórí rẹ̀.

“Sọ fún ọmọ náà kí ó tú ẹrù rẹ̀,” ó ní. “Kò lọ síbì kankan mọ́.”

“Màá sọ fún un.”

Ó jẹ ápù mẹ́ta. Kí oòrùn tó wọ̀, ó ti sùn lọ sórí àga, ó ń hanrun wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́.

Ọdún mẹ́rìnlá ti kọjá tí New York ti gbé Ambrose Kimball wọlé, tí ó di ààrẹ, tí ó buwọ́ lu ìwé ogun, tí wọ́n sì gbé òkú Everett padà wá bá a nínú àpótí. Láti ìgbà tí iyè rẹ̀ ti ra, ojoojúmọ́ ni ó ń dúró de ìbò náà lójú fèrèsé, ojoojúmọ́ ni Orrin ń ka ìwé tẹligíráàmù àtijọ́ náà fún un, ojoojúmọ́ ni ó sì ń wọlé, àfi òní.