Olú Tí Hilja Kò Jẹ́ Kí Ẹnikẹ́ni Wò

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ má ka èyí dé ìdajì kí ẹ wá pa á tì. Ẹ kà á tán, kí ẹ sì fi ránṣẹ́ sí ẹni tó fẹ́ràn olú.

1.
Hilja, opó ẹni ọdún méjìdínlọ́gọ́ta, ni ọ̀gá àwọn tó ń wá olú ní abúlé wa lẹ́bàá adágún, nílẹ̀ Finland. Tí oṣù kẹsàn-án bá ti dé, kò sẹ́ni tó ń rí olú ẹlẹ́sẹ̀ yẹ́lò tó o. Lọ́dọ̀ wa, kò sẹ́ni tó ń sọ ibi tó ti ń rí olú, àmọ́ ti Hilja ti pọ̀ jù. Ẹ̀ka igi ló fi ń bo apẹ̀rẹ̀ rẹ̀, ọ̀nà ẹ̀yìn ló sì ń gbà wálé. Kódà kò sọ fún Saimi, àbúrò rẹ̀ kan ṣoṣo.

2.
Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ó kúnlẹ̀ lórí koríko rírọ̀ nínú igbó, ó ń fi ọ̀bẹ gé olú lọ́kọ̀ọ̀kan. Ló bá gbọ́ ohùn àwọn èèyàn lókèèrè. Àyà rẹ̀ já.

"Wọ́n á rí ibi mi lónìí!"

Ó ti ọ̀bẹ bọ àpò, ó bẹ̀rẹ̀ sí í fa olú tu ní ẹ̀kúnwọ́ ẹ̀kúnwọ́. Kò wo orí, kò wo ìdí. Bẹ́ẹ̀ olú mìíràn wà níbẹ̀ tó pupa rúsúrúsú, tí orí rẹ̀ ṣe ṣónṣó. Inú koríko kan náà ló ń hù sí. Apani ni.

3.
Saimi bá a lẹ́nu ọ̀nà.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ káàbọ̀! Ẹ dà á sórí ìwé ìròyìn, ká jọ ṣà á."

"Kó o lè rí ewé tó lẹ̀ mọ́ ọn, kó o fi mọ igbó mi? Mo gbọ́n jù ẹ́ lọ."

"Ojú yín ò fi bẹ́ẹ̀ ríran mọ́. Ẹ jẹ́ kí n kàn wò ó."

"Ojú mi yìí náà ló rí olú tí ìwọ ò rí. Máa lọ sílé, jàre!"

Saimi rẹ́rìn-ín, ó lọ. Hilja fi bọ́tà àti wàrà se olú náà, ó fi ọ̀dùnkún jẹ ẹ́. Ó dùn gan-an. Kò bu ṣíbí kan fún àbúrò rẹ̀. Ó sá ìyókù kó gbẹ.

4.
Lọ́jọ́ kejì, kò sí nǹkan kan. Lọ́jọ́ kẹta, kò sí nǹkan kan. Ẹ ṣáà máa fọkàn bá mi lọ. Lọ́jọ́ kẹfà ni òùngbẹ bẹ̀rẹ̀. Ó mu omi títí, kò tó o. Ẹ̀yìn ń ro ó, orí ń fọ́ ọ. Ó ní òtútù ló mú òun.

Ọjọ́ kẹsàn-án ni Saimi wọlé bá a, ó rí i pé ojú rẹ̀ ti wú.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ìgbà wo lẹ tọ̀ kẹ́yìn?"

"Irú ìbéèrè rádaràda wo nìyẹn?"

"Ẹ dá mi lóhùn!"

"Àná... àná àárọ̀."

Ojú Saimi bọ́ sórí olú gbígbẹ. Ó mú ọ̀kan, ó yí i padà, ó rí i pé orí rẹ̀ ṣe ṣónṣó.

"Jésù! Ṣé irú èyí lẹ jẹ?"

Ó pe ọkọ̀ ilé ìwòsàn, ó sì fi ìwé wé olú náà dání.

5.
Olú tí Saimi gbé lọ ni dókítà fi tètè mọ àìsàn náà. Ó ní, "Iná kì í pa májèlé yìí, gbígbẹ kì í pa á, a ò sì ní oògùn tó ń lé e jáde. Kíndìnrín méjèèjì ti bàjẹ́."

Oṣù mẹ́wàá ni wọ́n fi ń so Hilja mọ́ ẹ̀rọ tó ń fọ ẹ̀jẹ̀, ẹ̀ẹ̀mẹta lọ́sẹ̀. Ó rù, ó dúdú. Nígbà náà ni Saimi sọ fún dókítà pé, "Ẹ yẹ kíndìnrín tèmi wò. Tó bá bára mu, ẹ mú ọ̀kan."

Ó bára mu! Hilja bú sẹ́kún.

"Saimi, èmi tí mi ò bu ọbẹ̀ fún ẹ!"

"Ẹ dúpẹ́ pé ahun ni yín! Ká ní ẹ bù ún fún mi ni, ta ni ì bá rí kíndìnrín fún wa?"

"Jẹ́ kí n sọ ibi igbó mi fún ẹ kí wọ́n tó gbé mi wọ yàrá iṣẹ́ abẹ. Lẹ́yìn àpáta ńlá yẹn, níbi tí omi ti ń sun..."

Saimi rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. "Ó ti pé ọdún mọ́kànlá tí mo ti mọ ibẹ̀. Mo kàn ń jẹ́ kí ẹ ká tiyín tán ni."

6.
Lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ, àwọn nọ́ọ̀sì ń wo rọ́bà tí ìtọ̀ Hilja máa gbà jáde, bóyá kíndìnrín tuntun náà á ṣiṣẹ́. Ṣàdédé ni nọ́ọ̀sì pariwo, "Ìyá, ìtọ̀ ti ń bọ̀ o! Ó ń dà!"

Saimi gbé orí sókè lórí bẹ́ẹ̀dì kejì. "Ṣé ẹ rí i? Kíndìnrín mi kì í ṣe ọ̀lẹ!"

Hilja fi ohùn híhá bẹ̀rẹ̀ orin ìyìn. Àwọn nọ́ọ̀sì gbè é. Ìtọ̀ lásán tí a ń tọ̀ láìdúpẹ́, òun ni wọ́n ń yọ̀ lé lórí bẹ́ẹ̀ yẹn! Lónìí, Hilja ń wa ọkọ̀ ojú omi fúnra rẹ̀. Ògo ni fún Ọlọ́run.

Ẹ̀yin tí ẹ ka èyí, ẹ gbọ́ o. Ẹ má jẹ olú tí ẹ ò yẹ̀ wò lọ́kọ̀ọ̀kan, tí ẹni tó mọ̀ ọ́n kò sì bá yín wò. Tí ẹ bá fura pé ẹ ti ṣì í jẹ, ẹ má dúró de àìsàn. Ẹ sáré lọ sí ilé ìwòsàn, kí ẹ sì mú ìyókù rẹ̀ dání. Kì í ṣe gbogbo ẹni tó jẹ ẹ́ ló ní Saimi. Ẹni tí ẹ̀ ń fi nǹkan pamọ́ fún lónìí lè jẹ́ ẹnì kan ṣoṣo tí ojú rẹ̀ ì bá gbà yín là.